Ìbéèrè Yín Lórí Orin: Ẹnì Kan Ti Lọ Nínú Wa, Ṣé Ká Tú Ká?

Lẹ́tà mẹ́ta ni mo mú nínú èyí tó wọlé lóṣù yìí, torí ọ̀rọ̀ kan náà ló wà nínú wọn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn tó kọ wọ́n ò mọra. Ti àkọ́kọ́ gùn. Mo gé e díẹ̀.

ÌBÉÈRÈ: Màmá, ẹ kú iṣẹ́ o. Àwa ọ̀dọ́ mẹ́rin la jọ ń ta orin nílùú Òṣogbo níbí, ó ti tó ọdún márùn-ún: fáyólìn méjì, fíólà kan (tó tóbi ju fáyólìn lọ díẹ̀), ṣẹ́lò kan (èyí ńlá tí a ń jókòó ta). Ìgbéyàwó, ìsìnkú àgbà, ìdúpẹ́ ìkórè, ibẹ̀ la ti ń jẹun. Lẹ́tà tó bẹ̀rẹ̀ orúkọ àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin la tò pọ̀ tó di orúkọ ẹgbẹ́. Lóṣù tó kọjá, ọmọbìnrin tó ń ta fíólà rí físà gbà, ó ti wà ní Kánádà báyìí. Onífáyólìn kìn-ín-ní ní ká tú ká, pé mẹ́rin tó bá ti di mẹ́ta ti bàjẹ́. Oníṣẹ́lò ní ká wá ẹlòmíràn, ṣùgbọ́n ká sọ ẹgbẹ́ lórúkọ mìíràn. Èmi fẹ́ ká máa bá a lọ. Mo gbọ́ pé ẹgbẹ́ kan wà láyé àtijọ́ tó ń jẹ́ Budapest Quartet, tí kò wá sí ẹnikẹ́ni tó dá a sílẹ̀ nínú rẹ̀ mọ́. Ṣé òótọ́ ni? Ṣé ẹgbẹ́ kan náà ni wọ́n ṣì ń pè é? Èmi ọmọ yín, onífáyólìn kejì, Òkè-Fìà, Òṣogbo.

ÌDÁHÙN: Òótọ́ ni, ọmọ mi. Lọ́dún 1917, àwọn mẹ́rin tí wọ́n ń ta orin ní ilé ọpẹ́rà ìlú Budapest, olú ìlú Họ́ńgárì, pàdé pọ̀ láti dá kùátẹ́ẹ̀tì, ìyẹn ẹgbẹ́ orin ẹlẹ́ni mẹ́rin, sílẹ̀. Emil Hauser wà lórí fáyólìn kìn-ín-ní, Alfred Indig lórí ìkejì, István Ipolyi lórí fíólà, Harry Son nídìí ṣẹ́lò. Indig ló kọ́kọ́ lọ. Lọ́dún 1927, Joseph Roisman, ọmọ Odessa, wọlé sórí fáyólìn kejì. Lọ́dún 1930, Mischa Schneider gba ṣẹ́lò. Lọ́dún 1932, Hauser alára, ẹni tó ti jókòó níwájú láti ìbẹ̀rẹ̀, kúrò. Roisman sún sórí àga rẹ̀, Alexander, àbúrò Mischa, sì wá jókòó sí ìkejì. Ó ku Ipolyi. Lọ́dún 1936 òun náà lọ, Boris Kroyt sì gba fíólà.

Ṣírò rẹ̀ wò. Ọdún 19 péré, gbogbo àga mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ti bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn. Àwọn mẹ́rin tó wà níbẹ̀ nígbà náà, ilẹ̀ ọba Rọ́ṣíà àtijọ́ ni wọ́n ti wá. Orúkọ Budapest ò yí. Òun náà ni wọ́n gbé dé Amẹ́ríkà, òun ni wọ́n fi jókòó sí ilé ìkówèésí ńlá ìjọba ní Washington, Library of Congress, títí di ọdún 1962. Obìnrin olówó kan tó ń jẹ́ Gertrude Clarke Whittall ti fi ohun èlò márùn-ún tí Stradivari, gbajúmọ̀ agbẹ́fáyólìn ará Ítálì àtijọ́, gbẹ́ ta ilé náà lọ́rẹ, àwọn ni wọ́n ń lò níbẹ̀. Ọdún 1967 ni ẹgbẹ́ náà dákẹ́.

Ohun tí mo fẹ́ kí o wò nínú ìtàn yẹn ni àwọn ọdún tí mo kà sílẹ̀: 1927, 1930, 1932, 1936. Ẹnì kan, ẹnì kan. Ẹni tuntun ò bá ilé ní òfìfo rí. Bí ìyàwó ṣe ń wọ agbo ilé nìyẹn. Ó bá ìyá ọkọ, ó bá ìyálé, ó bá bí wọ́n ṣe ń se ọbẹ̀ níbẹ̀ àti bí wọ́n ṣe ń kí ara wọn láàárọ̀. Tó bá yá, òun náà á di ìyálé, ìyàwó mìíràn á wá bá a níbẹ̀. Nígbà tí Kroyt dé, Hauser ti lọ lọ́dún mẹ́rin sẹ́yìn, ṣùgbọ́n Roisman wà níbẹ̀, Roisman sì ti fi ọdún márùn-ún jókòó ti Hauser, èjìká sí èjìká. Ohun tí Hauser mọ̀ gba ara Roisman kọjá. Ìdí nìyẹn tí èmi fi gbà pé ẹgbẹ́ kan náà ni.

Kò yẹ kó ya àwa ará Òṣogbo lẹ́nu. Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, àwọn onílù agbo ilé kan máa ń gba iwájú ilé wa kọjá lọ sí Ọjà Ọba tí ọdún Ọ̀ṣun bá dé nínú oṣù kẹjọ. Bàbá arúgbó kan ló máa ń gbé gúdúgúdú kọ́rùn. Lọ́dún kan a ò rí bàbá yẹn mọ́, ọmọ rẹ̀ ló gbé e. Ọwọ́ ọmọ yá ju ọwọ́ bàbá lọ, ìyá mi sì sọ ọ́ jáde pé ti bàbá dùn mọ́ òun ju èyí lọ. Síbẹ̀ kò sẹ́ni tó sọ pé onílù mìíràn ló dé. Orúkọ agbo ilé yẹn náà la ṣì ń pè wọ́n.

Má sì rò pé ọ̀rọ̀ onífáyólìn kìn-ín-ní yín ò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ẹgbẹ́ kan wà tó ṣe ohun tó ń sọ gẹ́lẹ́. Norbert Brainin, Siegmund Nissel àti Peter Schidlof jẹ́ ọmọ Júù tó sá kúrò ní Austria lẹ́yìn tí Hitler gbà á lọ́dún 1938. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n sá wá. Nígbà tí ogun le, ìjọba ibẹ̀ kó wọn mọ́ àgọ́ pé ọmọ ilẹ̀ ọ̀tá ni wọ́n, inú àgọ́ yẹn ni wọ́n ti mọra. Nígbà tí wọ́n jáde, olùkọ́ kan tó ń jẹ́ Max Rostal, tí òun náà sá wá, kọ́ wọn láìgba kọ́bọ̀. Martin Lovett, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gbé ṣẹ́lò wá kún un. Ọjọ́ 10, oṣù kìn-ín-ní, ọdún 1948 ni wọ́n kọ́kọ́ fi orúkọ Amadeus jáde ní Wigmore Hall, Lọ́ńdọ̀nù. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ogójì ọdún, ẹnì kan ò kúrò, ẹnì kan ò wọlé. Lọ́dún 1987 Schidlof kú. Onífíólà ni òun náà. Àwọn mẹ́ta tó kù ò wá ẹnikẹ́ni. Wọ́n pa orúkọ náà tì.

Mo bọ̀wọ̀ fún un, mo sì mọ ìdí rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìyà àgọ́ ò pa yín pọ̀, ọdún márùn-ún kì í ṣe ogójì, ẹni tó sì lọ sí Kánádà ò kú. Mi ò rò pé ọ̀nà tiyín nìyẹn.

Ó ku ọ̀rọ̀ orúkọ. Sọ fún oníṣẹ́lò yín pé kó wo ẹgbẹ́ Takács. Lọ́dún 1975, akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́rin ní ilé ẹ̀kọ́ orin Liszt ní Budapest dá a sílẹ̀: Gábor Takács-Nagy, Károly Schranz, Gábor Ormai àti András Fejér. Orúkọ ẹni àkọ́kọ́ ni wọ́n fi pè é. Wọ́n kó lọ sí Boulder, ní ìpínlẹ̀ Colorado lọ́hùn-ún, láwọn ọdún 1980. Lọ́dún 1993, olórúkọ fúnra rẹ̀ kúrò! Ọ̀dọ́mọkùnrin Gẹ̀ẹ́sì kan, Edward Dusinberre, ẹni ọdún mẹ́rìnlélógún tàbí márùn-ún-lé-lógún, ló wá jókòó síwájú àwọn tó ti jọ ń ta orin láti ìgbà tóun wà ní ọmọ ilé ẹ̀kọ́ kékeré. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, àìsàn jẹjẹrẹ pa Ormai. Roger Tapping, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì, gba fíólà. Lọ́dún 2005 Geraldine Walther gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Lọ́dún 2018 Schranz sinmi, Harumi Rhodes sì gba fáyólìn kejì. Lọ́dún 2020 Richard O'Neill di onífíólà. Nígbà tí Schranz lọ, Fejér nídìí ṣẹ́lò nìkan ló kù nínú àwọn mẹ́rin ti 1975. Takács ni wọ́n ń jẹ́ títí di bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí, kò sì sí ẹni tó pè wọ́n lólè orúkọ.

(Nǹkan kan wà níbẹ̀ tí inú mi máa ń dùn sí. Bàbá Harumi Rhodes ni Samuel Rhodes, ẹni tó ta fíólà ní Juilliard Quartet ní New York láti 1969 sí 2013, ọdún 44. Ta ló wá gba àga bàbá yìí? Roger Tapping náà ni, ẹni tó ti rọ́pò Ormai ní Takács. Ẹ ò rí i pé agbo ilé kan làwọn èèyàn wọ̀nyí, wọ́n kàn ń fẹ́ ara wọn láti ìta kan sí òmíràn.)

Nítorí náà, lẹ́tà orúkọ ẹni tó lọ tó wà nínú orúkọ ẹgbẹ́ yín, ẹ jẹ́ kó wà níbẹ̀. Ilé tí bàbá kọ́, a kì í torí pé bàbá kú ká yọ orúkọ rẹ̀ lára ògiri.

Ohun tó yẹ kó bà yín lẹ́rù ni owó, ìyẹn ni mo fi ń kọ èyí gùn tó báyìí. Láwọn ọdún 1980, àwa mẹ́rin kan ní Òṣogbo níbí náà ní irú ẹgbẹ́ yìí. Èmi ni fíólà. Ilé kan lẹ́yìn ibùdó ọkọ̀ ojú irin la ti ń dánrawò, tí ọkọ̀ bá ń kọjá a óò dúró kó lọ tán. Ẹni tó ń ta fáyólìn kìn-ín-ní máa ń mú ìpín méjì nínú owó òde, torí òun ni wọ́n ń rí. Àwa yòókù, ìpín kọ̀ọ̀kan. A ò sọ̀rọ̀ fún ọdún mẹ́ta. Ọjọ́ tí oníṣẹ́lò sọ ọ́, ó ti pẹ́ jù, ẹnu ti kan, ọ̀rọ̀ àtẹ̀yìnwá ló ń tú jáde. A ò jọ ta orin mọ́ láti ọjọ́ yẹn, ẹnikẹ́ni ò sì rìnrìn àjò kankan.

Ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà ni mo tó mọ̀ pé àwọn ará Budapest yẹn ti ṣòfin ọ̀rọ̀ yìí láti ọjọ́ kìn-ín-ní. Ìpín kan náà ni gbogbo wọn ń gbà, tí olórí ò ní gba náírà kan lé. Àríyànjiyàn tó bá dé, ìbò ni wọ́n ń dì. Tí ìbò bá jẹ́ méjì sí méjì, bó ṣe wà tẹ́lẹ̀ ni yóò máa wà. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ gba iṣẹ́ orin mìíràn níta. Ìyàwó tàbí ọ̀rẹ́bìnrin ò sì gbọdọ̀ dé ibi ìdánrawò. Èyí tó gbẹ̀yìn yẹn, ẹ̀yin lẹ mọ̀. Ṣùgbọ́n ti owó àti ti ìbò, ẹ kọ ọ́ sínú ìwé kí ẹni tuntun tó wọlé, kí òun náà fọwọ́ sí i. Tó bá jẹ́ pé lẹ́yìn tó ti dé lẹ kọ ọ́, yóò rò pé torí òun ni.

Kí ẹ tó rí i ńkọ́? Fáyólìn méjì àti ṣẹ́lò ló kù lọ́wọ́ yín. Ọmọ mi, ìyẹn ò dín. Arcangelo Corelli ará Ítálì kọ orin 48 fún fáyólìn méjì àti ohùn ìsàlẹ̀ kan, ó ti lé ní ọ̀ọ́dúnrún ọdún. Ẹ máa fi wọ́n gba òde. Ó dára fún ìwọ gan-an, onífáyólìn kejì, torí nínú orin Corelli ìkejì kì í ṣe ẹrú ìkíní; wọ́n jọ ń lé ara wọn ni.

Tí ẹ bá wá rí onífíólà, ẹ má bi í pé ṣé ó lè ta á bíi ti ọmọ tó lọ. Ẹ jẹ́ kó ta á bíi tirẹ̀. Yóò kọ́kọ́ dùn yín létí bí ohun tó fọ́, ẹ fara dà á fún oṣù mẹ́ta. Ẹ̀yin mẹ́ta náà ló máa yí díẹ̀, ohùn yín á sì tún pàdé. Ohun kan ṣì kù tí mo fẹ́ bi ọ́: ṣé ọmọbìnrin tó lọ sí Kánádà yẹn ní akẹ́kọ̀ọ́? Lẹ́yìn ọdún 37 tí ẹgbẹ́ Guarneri ní Amẹ́ríkà ò ti yí ẹnikẹ́ni padà, David Soyer fẹ́ sinmi. Peter Wiley tó kọ́ ní ṣẹ́lò ni wọ́n fi sórí àga rẹ̀, lọ́dún 2001. Ẹ kọ́kọ́ wo ìtòsí.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú làákàyè. Tíṣà ni mí kí n tó fẹ̀yìn tì, mo sì ń ka abala yín dáadáa. Ìgbà wo ni irú orin ẹlẹ́ni mẹ́rin yìí bẹ̀rẹ̀, ṣé dúdú kankan sì wà nídìí rẹ̀, ní pàtàkì Yorùbá? Bàbá àgbà kan, Òkè-Baálẹ̀.

ÌDÁHÙN: Ẹ ṣé gan-an, sà. Joseph Haydn ará Austria, tí wọ́n bí lọ́dún 1732, ni àwọn olórin ń pè ní bàbá rẹ̀. Ó kọ 68 nínú irú orin yìí, tí òun náà ń jẹ́ kùátẹ́ẹ̀tì. Kì í ṣe òun ló kọ́kọ́ kọ irú rẹ̀ láyé, ṣùgbọ́n òun ló kọ ọ́ débi tí ohùn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin fi ń bára wọn sọ̀rọ̀ bí àgbà mẹ́rin tó jókòó sábẹ́ igi. Nígbà yẹn inú ilé ni wọ́n ti ń ta á, ọ̀rẹ́ pẹ̀lú ọ̀rẹ́. Ignaz Schuppanzigh, ọ̀rẹ́ Beethoven, ló gbé e jáde fún aráàlú ní Vienna ní nǹkan bí ọdún 1804, tí wọ́n ń sanwó wọlé. Lọ́dún 1808 ọlọ́lá kan tó ń jẹ́ Razumovsky gbà á síṣẹ́ pé kó máa fi kùátẹ́ẹ̀tì ta orin nínú ààfin òun. Ọjọ́ yẹn ló di iṣẹ́ tí èèyàn lè fi bọ́ ọmọ.

Ti dúdú, ó wà níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀, sà. Joseph Bologne, tí wọ́n ń pè ní Chevalier de Saint-Georges, ni wọ́n bí ní erékùṣù Guadeloupe lọ́dún 1745. Nanon, ẹrú adúláwọ̀, ni ìyá rẹ̀; ọlọ́gbà ìrèké, òyìnbó Faransé, ni bàbá. Ó dàgbà ní Paris, ó mọ idà jà, ó sì mọ fáyólìn ta débi pé gbogbo ìlú ń sọ ọ́. Lọ́dún 1773 wọ́n tẹ kùátẹ́ẹ̀tì mẹ́fà tó kọ jáde, wọ́n sì wà lára àwọn tó kọ́kọ́ jáde nílẹ̀ Faransé. Mo ti ta ohùn fíólà nínú méjì nínú wọn. Kò le lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ó mọ́ bí omi àmù.

Ti Yorùbá: Akin Euba, ọmọ Èkó, tí wọ́n bí lọ́dún 1935, kọ kùátẹ́ẹ̀tì kan lọ́dún 1957, nígbà tó ń kọ́ orin ní Lọ́ńdọ̀nù. Ọkùnrin yìí padà wá sílé, ó jókòó ti àwọn onílù wa. Orí ìlù dùndún ló kọ ìwé ọ̀mọ̀wé rẹ̀ lé ní yunifásítì Legon ní Gánà lọ́dún 1974, ó sì kọ́ni ní Ifẹ̀. Ó kú lọ́dún 2020. Èmi gbà pé kò sí ohun tó ya kùátẹ́ẹ̀tì nípa sí agbo dùndún: ìyáàlù ń sọ̀rọ̀, gúdúgúdú ń di ìlù mú kó má ṣubú, àwọn omele ń dáhùn. Euba mọ méjèèjì láti inú wá. Ó dùn mí pé mi ò tíì gbọ́ kí wọ́n ta orin rẹ̀ yẹn nílùú yìí lójúkojú. Tí àwọn ọmọ Òkè-Fìà tó kọ lẹ́tà àkọ́kọ́ bá rí onífíólà, mo fẹ́ kí wọ́n wá ìwé orin yẹn.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ jọ̀ọ́ mà, ọmọ mi ọkùnrin jẹ́ ọmọ ọdún 13. Ó ti ń kọ́ fáyólìn ní ṣọ́ọ̀ṣì. Olùkọ́ ní kó fi sílẹ̀, kó gba fíólà. Látìgbà yẹn ọmọ ò jẹun dáadáa, ó ní wọ́n ti rẹ òun sílẹ̀. Ṣé òótọ́ ni? Ìyá Táíwò, Ìgbóǹnà.

ÌDÁHÙN: Ìyá Táíwò, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ. Kì í ṣe òótọ́, mo sì mọ omijé yẹn, torí èmi náà sun ún. Ọmọ ọdún 15 ni mí nígbà tí wọ́n gba fáyólìn lọ́wọ́ mi.

Ẹ sọ fún un pé Peter Schidlof tí mo dárúkọ lókè yẹn, onífáyólìn ni. Fáyólìn ló gbé wọ àgọ́, fáyólìn ló gbé jáde. Nígbà tí wọ́n fẹ́ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ onífáyólìn mẹ́ta ló wà, òun ló gbà láti bọ́ sórí fíólà. Ọjọ́ tó kú, àwọn tó ń ta fáyólìn rí i pé àwọn ò lè dá ta á. Ẹ sọ fún un pẹ̀lú pé Mozart, tó lè ta ohun tó bá wù ú, fíólà ló máa ń gbé tí òun àti Haydn bá jókòó ta kùátẹ́ẹ̀tì ní Vienna. Ó fẹ́ wà láàárín, níbi tó ti lè gbọ́ gbogbo ohùn.

Ẹ má tíì ra fíólà ńlá fún un. Ọwọ́ ọmọ ọdún 13 lè má tíì gùn tó. Ẹ ní kí olùkọ́ yọ okùn fáyólìn tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, kó fi okùn fíólà sí i: C, G, D, A, láti ìsàlẹ̀ wá sókè. Ọ̀pọ̀ ọmọdé ló ń bẹ̀rẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìwé orin fíólà ní àmì tirẹ̀ tí kò bá ti fáyólìn mu, yóò dààmú ojú rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Kó má bẹ̀rù ìyẹn. Tí ọyẹ́ bá dé, kí ẹ fi aṣọ wé àpótí rẹ̀ dáadáa, kí ẹ má sì gbé e sí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé, torí igi yóò gbẹ, àwọn ìṣó okùn yóò máa yọ̀ padà.

Lálẹ́ ọjọ́ tí wọ́n bá fi okùn sí i tán, kí Táíwò má ta orin kankan. Kó gbé e sábẹ́ àgbọ̀n, kó fa ọrun gígùn kan lórí okùn C, okùn tí fáyólìn ò ní. Egungun àgbọ̀n rẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ gbọ́ ọ kí etí tó gbọ́. Ẹ jókòó tì í nígbà tó bá ń ṣe é.